Àwọn Mẹ́ta Tí Mo Sọ Pé Wọn Kò Sí

Lọ́jọ́ Ajé tó ń bọ̀ ni àwọn dókítà fẹ́ la àyà mi. Kí wọ́n tó là á, ẹ jẹ́ kí èmi fúnra mi kọ́kọ́ ṣí i, nítorí ohun tó wà níbẹ̀ kì í ṣe àìsàn nìkan. Èmi ni Bíyìí Akíntóyè, tí ọ̀pọ̀ yín nínú ìjọ wa ń pè ní Uncle Bíyìí onífídíò, tí àwọn mìíràn sì mọ̀ nítorí fíìmù tí mo ṣe nípa àwọn òkú àtijọ́ tí wọ́n hú jáde ní Stockbridge, ìlú kékeré tí kò jìnnà síbí. Ẹ pàtẹ́wọ́ fún mi nítorí fíìmù yẹn. Pásítọ̀ pè mí síwájú pẹpẹ, gbogbo ìjọ dìde dúró. Mo bẹ̀ yín, ẹ jókòó wàyí, kí ẹ gbọ́ ohun tí mo ṣe. Orí ibùsùn ilé ìwòsàn ni mo wà ní Decatur yìí, ṣùgbọ́n orí mi pé, kò sì sí ẹni tó fi ipá mú mi.

Ìgbéyàwó àti ìkómọ ni mo máa ń yà fún yín tẹ́lẹ̀. Ogún ọdún ni mo fi gbé kámẹ́rà kiri gbọ̀ngàn, tí mò ń ya ìyàwó tó ń gé kéèkì àti àwọn bàbá tó ń jó. Iṣẹ́ rere ni, òun ni mo fi tọ́ Tẹ́ní, ọmọ mi kan ṣoṣo, títí ó fi di apòògùn. Ṣùgbọ́n ìgbéraga ń jẹ mí nínú bí ikán ṣe ń jẹ igi àjà. Nílé-ẹ̀kọ́ gíga tí mo lọ ní Downtown, àárín gbùngbùn ìlú ńlá, fíìmù òtítọ́ ni mo kọ́, irú èyí tí ẹnikẹ́ni kì í ṣeré nínú rẹ̀, tó jẹ́ pé ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an ni èèyàn ń yà. Mo fẹ́ kí wọ́n mọ̀ mí sí ìyẹn. Bí ẹnì kan bá bi mí ní ṣọ́ọ̀ṣì pé, “Uncle, ṣé ẹ ṣì ń ṣe fídíò?” màá rẹ́rìn-ín, màá sì dé ilé tán kí inú tó bí mi.

Lọ́dún 2014, ilé-iṣẹ́ kan tó ń kọ́ ilé tà ra igbó kan ní Stockbridge. Ẹ mọ bí ibẹ̀ ṣe ń rí: igbó lónìí, ilé ọgọ́rùn-ún lọ́dún tó ń bọ̀, tí gbogbo wọn jọ ara wọn bí ìbejì. Bí wọ́n ṣe ń pa igbó náà ni katapílà hú egungun èèyàn. Òfin ní kí iṣẹ́ dúró. Wọ́n pe Dókítà Eli, awalẹ̀pìtàn kan, ìyẹn onímọ̀ tó ń gbẹ́ ilẹ̀ láti mọ ìtàn àwọn tó ti gbé orí rẹ̀ rí. Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, kì í pariwo, búrọ́ọ̀ṣì kékeré ló sì máa ń fi gbá erùpẹ̀, bí ẹni tó ń nu ojú ọmọ tó sùn. Òun ló sọ pé àwọn Muscogee ló ni òkú náà, àwọn tó ni ilẹ̀ yìí kí ìjọba ayé ìgbà yẹn tó fi tipátipá lé wọn lọ sí Oklahoma ní nǹkan bí ọgọ́sàn-án ọdún sẹ́yìn. Nígbà tí mo gbọ́, mo mọ̀ pé fíìmù mi ti dé. Mo lọ bá George, ẹni tó ń ṣojú ilé-iṣẹ́ náà. Ó gbà kí n máa wọlé, ó ní kí n má ṣáà dí ẹnikẹ́ni lọ́wọ́.

Èyí tó ṣòro ni Màmá Lucinda. Àgbà obìnrin Muscogee ni, ó ti lé ní àádọ́rin ọdún nígbà náà, àwọn èèyàn rẹ̀ ló rán an wá láti Oklahoma kó wá dúró ti àwọn òkú wọn. Nígbà tó rí kámẹ́rà mi, ó yí ojú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní, “Wọ́n ti wò wá tó.” Ọjọ́ mẹ́ta ni kò fi dá mi lóhùn. Lọ́jọ́ kẹrin, mo gbé kámẹ́rà sínú mọ́tò, mo lọ jókòó tì í lórí àga onírin, mo sì sọ fún un pé, “Màmá, ní ilé wa ní Ìlá, inú pálọ̀ ni a sin bàbá mi sí. A máa ń tẹ́ ẹní sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sùn. Bí ìyá mi bá fẹ́ lọ sọ́jà, ó máa ń dágbére fún un.”

Ó yí ojú padà sí mi. Ó ní, “Àwọn ìyá wa náà máa ń sin òkú sábẹ́ ibi tí wọ́n ń sùn. Nígbà tí wọ́n ní ká kó jáde, kì í ṣe ilé nìkan la fi sílẹ̀.” Lẹ́yìn náà ló fún mi ní òfin méjì láti pa mọ́: n kò gbọdọ̀ ya egungun kankan, n kò sì gbọdọ̀ parọ́ fún òun. Mo bọ̀ ọ́ lọ́wọ́. Ẹ wò ó, òtítọ́ ni mo fi wọ inú ọkàn obìnrin náà. Ìyẹn ló burú jù. Ká ní irọ́ ni mo fi wọlé, bóyá ì bá tètè fura.

Oṣù méje la fi wà níbẹ̀. Dókítà Eli fi àsíá pupa kéékèèké pààlà sí ibi tó ń gbẹ́, ó sì rí òkú mẹ́sàn-án nínú rẹ̀. Àwọn Muscogee ì bá fẹ́ kí wọ́n fi wọ́n sílẹ̀ síbi tí wọ́n wà, ṣùgbọ́n lẹ́yìn ìpàdé lórí ìpàdé, wọ́n gbà kí wọ́n tún wọn sin sí igun kan nínú ilẹ̀ náà tí ilé kò ní dé. Wọ́n dá ọjọ́. Fíìmù mi kò kù ju ọjọ́ náà lọ.

Ó ku ọjọ́ mẹ́ta. Dókítà Eli ti lọ sí Downtown lọ kó ìwé fún ìjọba. Òjò ti rọ̀, mo sì dé ibẹ̀ láàárọ̀ láti ya ilẹ̀ náà nígbà tí kò sí ẹnikẹ́ni. Mo rìn kọjá àwọn àsíá pupa, mo lọ sí ìlà-oòrùn, lẹ́gbẹ̀ẹ́ igi oak ńlá kan, níbi tí katapílà ti ha òkè ilẹ̀ kúrò lọ́jọ́ tó ṣáájú. Ilẹ̀ wa níbí pupa fòò, ẹ mọ̀ ọ́n. Lójú pupa náà, mo rí àbàwọ́n dúdú mẹ́ta, bí ẹyin tí wọ́n tẹ̀ mọ́lẹ̀. Dókítà Eli ti kọ́ mi pé ilẹ̀ tí wọ́n bá ti gbẹ́ rí, àwọ̀ rẹ̀ kì í padà sí bó ṣe wà. Sàréè mẹ́ta ni. Méjì gùn. Ìkẹta kò gùn ju apá mi yìí lọ, láti ìgúnpá dé orí ìka. Òjò ti fọ ìyẹn. Mo rí ìlẹ̀kẹ̀ funfun tí wọ́n fi ìkarahun ṣe, mo rí àgbọ̀n kékeré kan, eyín tó wà nínú rẹ̀ dà bí àgbàdo tí kò tíì gbó.

Ó yẹ kí n bọ́ fìlà mi. Ó yẹ kí n pe Màmá Lucinda lójú ẹsẹ̀. Kámẹ́rà ni mo gbé sójú. Ìṣẹ́jú mẹ́rìnlá ni mo fi ya egungun ọmọ tí kì í ṣe tèmi, mo tún ń wá ibi tí ìmọ́lẹ̀ ti dára jù.

Ibẹ̀ ni George bá mi. Ó bọ́ sílẹ̀ nínú mọ́tò, ó ní, “Bíyìí, kí lò ń yà níbẹ̀ yẹn?” Kó tó parí ọ̀rọ̀, òun náà ti rí i. Ó ki ọwọ́ bọ àpò. Lẹ́yìn náà ó sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́ bí ẹni tó ń gba ọ̀rẹ́ níyànjú. “Ibí yìí kò sí nínú máápù Eli. Bí Eli bá rí i, a tún bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀ nìyẹn, ó kéré tán ọdún kan. Àwọn ọ̀gá mi á ti ilẹ̀kùn, kámẹ́rà kankan kò ní wọlé mọ́. Fíìmù rẹ á kú síbí. N kò ní kí o ṣe nǹkankan o. Mo kàn ń bi ọ́ ni. Ṣé o rí nǹkan?”

Kò gbé ìbọn sí mi lórí. Kò ṣèlérí ohunkóhun fún mi. Ẹ má ṣe bá mi wá àwíjàre. Mo wo ilẹ̀, mo wo kámẹ́rà, mo rò ó pé ọmọ ọdún márùndínlọ́gọ́ta ni mí, mo ní, “N kò rí nǹkan kan.”

Ó mi orí, ó fi fóònù pe ẹni tó ń wa katapílà. Mo jókòó sínú mọ́tò mi, mò ń gbọ́ bí irin náà ṣe ń ti erùpẹ̀ lé wọn lórí. Mo tẹ ibi tí wọ́n ti ń pa ohun tí a yà rẹ́. Kámẹ́rà bi mí bóyá ó dá mi lójú. Mo tẹ bẹ́ẹ̀ ni.

Ẹ ó rò pé ìyẹn ni ẹ̀ṣẹ̀ náà. Ó kù. Lọ́jọ́ tí wọ́n tún àwọn mẹ́sàn-án náà sin, nígbà tí wọ́n bo ilẹ̀ tán, Màmá Lucinda rìn wá bá mi. Kámẹ́rà wà léjìká mi, iná pupa rẹ̀ ń tàn. Ó ní, “Bíyìí, Eli ń wo máápù, George ń wo aago. Ìwọ lò ń wo ilẹ̀ lójoojúmọ́. Kí n tó kọrin ìdágbére, sọ fún mi. Ṣé ó ku ẹnikẹ́ni?”

Ojú rẹ̀ wà nínú ojú mi. Mo ṣì lè sọ ọ́. Àní bí mo bá sọ ọ́ níbẹ̀, tí gbogbo wọn ń wò, George kò lè ṣe mí ní nǹkankan. Mo ní, “Kò ku ẹnikẹ́ni, Màmá. Gbogbo wọn ti délé.”

Ó bú sẹ́kún. Ó fi àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì di ojú mi mú, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ mi ní èdè rẹ̀, ó sì yípadà, ó kọrin. Mo yà á. Ohùn ara mi tó sọ irọ́ yẹn, èmi náà ni mo gé e tí mo tò ó sínú fíìmù, ọ̀rọ̀ ẹnu mi náà ni mo sì sọ di àkọlé rẹ̀: Gbogbo Wọn Ti Délé. Ibi tí ẹ ti máa ń sunkún nínú rẹ̀ nìyẹn. Wọ́n fún mi ní ẹ̀bùn lórí ibẹ̀ ní Downtown, ẹnì kan tí n kò mọ̀ rí dì mọ́ mi, ó ní mo jẹ́ kí òun gbàgbọ́ pé òtítọ́ ṣì wà láyé.

Láti ìgbà náà n kò lè jẹ àgbàdo mọ́. Oyèrónkẹ́ ìyàwó mi, kí Ọlọ́run fún un nísinmi, máa ń sè é nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, màá sì dìde kúrò nídìí tábìlì. Ó ní, “Kí ni àgbàdo fi ṣe ọ́?” Mo ní inú ló ń run mí. Bí òjò bá rọ̀, tí ilẹ̀ pupa ń ṣàn lójú títì, n kì í lè wò ó. Bí mo bá gbé ẹ̀rọ àfetígbọ́ sétí láti ṣiṣẹ́ lórí fídíò ìgbéyàwó ẹnì kan, lábẹ́ orin àti ẹ̀rín, màá máa gbọ́ irin tó ń ti erùpẹ̀. Màá yọ ọ́ létí. Yóò ṣì máa dún. Oyèrónkẹ́ kú láìmọ̀. Ọjọ́ tí a sin ín, bí wọ́n ṣe da erùpẹ̀ àkọ́kọ́ lé pósí, mo ké tó bẹ́ẹ̀ tí ẹ fi sọ pé ọkùnrin yìí mà fẹ́ràn ìyàwó rẹ̀ o. Mo fẹ́ràn rẹ̀ lóòótọ́. Ṣùgbọ́n òun nìkan kọ́ ni mò ń ké fún.

Ẹni bá da eérú ni eérú ń tọ̀. Lọ́dún 2021, Tẹ́ní pè mí. “Daddy! We got the house! Èmi àti Fẹ́misí, Stockbridge ni, ẹ máa love ẹ̀!” Olúwafẹ́misí ni ọkọ rẹ̀. Ó ka àdírẹ́sì fún mi, mo sì mọ̀ pé orí ilẹ̀ tí ilé-iṣẹ́ George kọ́lé sí ni. Mo gbàdúrà kó jẹ́ apá ibòmíràn nínú ilẹ̀ náà. Nígbà tí mo débẹ̀, tí mo gba ilé ìdáná kọjá, tí mo wo ojú wíńdò, igi oak náà dúró sínú ọgbà wọn lẹ́yìnkùlé. Wọ́n fi í sílẹ̀ nítorí pé ó lẹ́wà. Koríko tútù yí i ká.

Mo lè sọ ọ́ lọ́jọ́ náà. Wọn kò tíì kó ẹrù wọlé. Tẹ́ní di ọwọ́ mi mú, ó ní, “Daddy, ẹ gbàdúrà fún wa now.” Mo gbé ọwọ́ lé àwọn méjèèjì lórí, mo ní kí ilẹ̀ náà gbà wọ́n, kó má ṣe lòdì sí wọn. Ẹnu mi ń sọ̀rọ̀, àtẹ́lẹsẹ̀ mi ń jó mi nínú bàtà.

Ọdún mẹ́ta àti àbọ̀ ni n kò fi tẹ koríko yẹn. Bí Fẹ́misí bá ń yan ẹran níta, yóò ní, “Daddy, ẹ wá síta, weather dáa.” Màá ní ewé igi ń mú mi sín. Ẹ̀yìn mi ni mo máa ń kọ sí wíńdò jẹun.

Lóṣù Ẹrẹ́nà ọdún yìí, ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan, Tẹ́ní pè mí láti ibi iṣẹ́. “Daddy, guess what? A fẹ́ gbẹ́ swimming pool. Thursday làwọn people yẹn ń bọ̀ with the digger.”

Mo ní, “Apá ibo?”

“Near the oak tree now. Where else?”

Lọ́jọ́ kejì mo wa mọ́tò lọ sí Stockbridge. Mo jókòó sí ilé ìdáná wọn, lọ́tẹ̀ yìí mo kọjú sí wíńdò, mo sì sọ ọ́ fún wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Fẹ́misí kọ́kọ́ rò pé orí mi ti ń dàrú. Nígbà tí mo tọ́ka sí ibẹ̀, tí mo ní ìṣísẹ̀ mọ́kànlá ni sí ìdí igi, ó mú fóònù, ó jáde, mo sì gbọ́ tó ń sọ fún àwọn agbẹ́lẹ̀ pé kí wọ́n má wá mọ́.

Tẹ́ní kọjú sí mi. Ó ní, “One of them was a child?”

Mo na apá mi sórí tábìlì, mo fi bó ṣe gùn tó hàn án.

Ó wo apá náà. Ó ní, “Ẹ gbàdúrà. Ẹ gbé ọwọ́ lé mi lórí nínú ilé yìí, ẹ sì mọ̀. You knew.” Ó dìde, ó lọ sókè, mo gbọ́ tó ti ilẹ̀kùn.

Ibẹ̀ náà ni mo ti pe Màmá Lucinda ní Oklahoma. Ó ti lé ní ọgọ́rin ọdún. Nígbà tí mo parí, ó bi mí ní ìbéèrè kan. Ó ní, “Mélòó?” Mo ní mẹ́ta. Ó ní, “Mo kọ orin ìdágbére, mo sì fi ọmọdé sílẹ̀ lẹ́yìn. Ìwọ lo mú mi ṣe é.” Mò ń bẹ̀ ẹ́, mò ń sunkún. Ó ní, “Èmi kọ́ lo máa kọ́kọ́ bẹ̀,” ó sì pa fóònù.

Kò pé oṣù kan tí wọ́n fi dé, òun àti àwọn èèyàn rẹ̀, pẹ̀lú Dókítà Eli tí irun rẹ̀ ti funfun. Dókítà Eli kò bú mi. Ó kàn ní, “Ó yẹ kí o pè mí, Bíyìí,” ó sì kúnlẹ̀ sídìí iṣẹ́ rẹ̀. Níbi tí mo júwe gan-an ni wọ́n bá wọn. Àwọn méjì wà bí wọ́n ṣe wà. Irin katapílà ti gba orí èyí tó kéré kọjá, ó ti rún egungun rẹ̀. Mo rò pé mo ti mọ gbogbo ohun tí mo ṣe. N kò mọ ìyẹn.

Wọn kò gbé wọn kúrò mọ́. Tẹ́ní àti Fẹ́misí fọwọ́ sí ìwé, wọ́n dá ìdajì ọgbà náà padà fún àwọn tó ni í. Nígbà tí wọ́n fẹ́ bo ilẹ̀, Màmá Lucinda ní kí n súnmọ́ wọn. Ó ní, “Bá wọn sọ̀rọ̀ ní èdè tí o fi ń bá bàbá rẹ sọ̀rọ̀.” Mo kúnlẹ̀ nínú ilẹ̀ pupa náà. Gbogbo ẹ̀bẹ̀ tí mo ti tò sílẹ̀ fò lọ. Ohun tó jáde lẹ́nu mi ni pé, “Mo rí yín. Lọ́jọ́ náà, mo rí yín.” Àyà bẹ̀rẹ̀ sí í dùn mí níbẹ̀, bí wọ́n ṣe gbé mi dé Decatur nìyẹn.

Mo ti kọ̀wé sí àwọn tó fún mi ní ẹ̀bùn, mo ní kí wọ́n gbà á padà, kí ẹnikẹ́ni má sì fi fíìmù náà hàn mọ́. Mo kọ orúkọ George sínú ìwé tí mo fi ránṣẹ́ sí ìjọba, mo sì kọ tèmi ṣáájú tirẹ̀. Ẹ̀yin ọmọ tí ẹ ń gbé kámẹ́rà kiri, tí ẹ ń bi mí ní ṣọ́ọ̀ṣì bí mo ṣe dé ibi tí mo dé, ẹ gbọ́ mi. Ọjọ́ kan ń bọ̀ tí ohun tí ẹ rí yóò fẹ́ ba ohun tí ẹ ń ṣe jẹ́. Ẹ jẹ́ kó bà á jẹ́. Fíìmù tó kú kì í bá èèyàn jókòó jẹun.

Màmá Lucinda kò sọ pé òun dárí jì mí, n kò sì tún bi í. Tẹ́ní ń wá lójoojúmọ́ bó bá ti ṣíwọ́ iṣẹ́. Ó ń yẹ oògùn mi wò ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó ń bá àwọn nọ́ọ̀sì jà nítorí mi, ó ń gé èékánná mi. Ṣùgbọ́n “sir” ló ń pè mí. Tẹ́ní ọmọ mi, n kò bẹ̀ ọ́ kí o gbàgbé. Jọ̀ọ́, dárí jì mí bí o bá lè rí i ṣe. Bí n kò bá jí lọ́jọ́ Ajé, àwọn èèyàn yóò kún ilé rẹ, wọn yóò máa ní bàbá dáadáa lo ní. Má ṣe parọ́ nítorí mi. Mú wọn lọ sẹ́yìnkùlé, fi ibẹ̀ hàn wọ́n, kí o sì sọ fún wọn pé bàbá rẹ ló ṣe é.